Lẹ́tà ṣíṣí sí ìgbìmọ̀ tó kó ìwé fìlọ́sọ́fì sábẹ́ àtẹ̀gùn

Sí Ọ̀gá Àgbà àti gbogbo ọmọ Ìgbìmọ̀ Alábòójútó ilé-ẹ̀kọ́ àwọn àlùfáà wa ní ilẹ̀ Rẹ́mọ,

Ẹ̀yin bàbá wa nínú Olúwa, mo kúnlẹ̀ kí yín, ẹ kú iṣẹ́ ìjọ. Mi ò ní dárúkọ ilé-ẹ̀kọ́ náà. Ẹ̀yin tí ọ̀rọ̀ kàn mọ ara yín. Àwọn ará ìjọ tó ń bá wa ka lẹ́tà yìí náà lẹ́tọ̀ọ́ sí i, torí owó ọrẹ wọn la fi ra àwọn ìwé tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ wọn.

Ọdún mọ́kànlá ni mo fi bá yín kọ́ iṣẹ́ kan ṣoṣo, ní ọ̀sán Ọjọ́bọ̀, lábẹ́ páànù tó máa ń dún pàpàpà bí oòrùn bá mú. Iṣẹ́ náà dá lórí fìlọ́sọ́fì tí wọ́n ń pè ní postmodern, ìyẹn ìrònú tó ń bi ọ̀làjú léèrè ohun tó fi dá ara rẹ̀ lójú, àti ohun tó kan ẹ̀kọ́ nípa Ọlọ́run nínú rẹ̀. "Ìrònú ẹ̀yìn-ọ̀làjú" ni èmi àti àwọn akẹ́kọ̀ọ́ sọ ọ́, orúkọ náà sì mọ́ wa lẹ́nu. Nígbà tí sáà yìí wọlé, ara pátákó ìkéde ni mo ti kà á pé ẹ ti yọ ọ́ kúrò. Ìdí méjì lẹ kọ síbẹ̀: pé ó ń kọ́ àwọn ọmọ pé Ọlọ́run ti kú, àti pé ó ń tú ìgbàgbọ́ wọn ká. Ẹ̀kọ́ bí ìjọ ṣe ń gbèrú ló gba àyè rẹ̀.

Ǹ bá fara mọ́ ọn, ká ní ibẹ̀ ló mọ. Àmọ́ lọ́jọ́ tí mo lọ dá kọ́kọ́rọ́ kíláàsì padà, mo rí páálí ìndómì mẹ́ta lábẹ́ àtẹ̀gùn, lẹ́gbẹ̀ẹ́ jẹnẹrétọ̀. Ìwé wa ni. Òjò ti fẹ́ sí wọn lára. Mo fa ọ̀kan yọ, fótókọ́pì tí a dì pọ̀, ojú ewé rẹ̀ sì ti lẹ̀ mọ́ra bí ewé mọ́ínmọ́ín tó ti tutù. Mo rọra ń ṣí i. Akẹ́kọ̀ọ́ kan ti fi pẹ́ńsù kọ ọ́ sí etí ìwé pé, "Ṣé ohun tí Pọ́ọ̀lù ń sọ fún àwọn ará Kọ́ríńtì náà kọ́ nìyí?" Epo jẹnẹrétọ̀ ti rìn dé ìdí ọ̀rọ̀ náà, ó ti mu àmì ìbéèrè rẹ̀ lọ.

Ẹjọ́ mi rèé, ní ọ̀kọ̀ọ̀kan.

1. Ẹ ní a ń kọ́ni pé Ọlọ́run ti kú. Ẹ jọ̀ọ́, ta ló sọ ọ́, ta ló sì sọ ọ́ fún? Friedrich Nietzsche, onífìlọ́sọ́fì ará Jámánì, ọmọ pásítọ̀ ìjọ Luther, ló kọ ọ́ sínú ìwé kan ní 1882. Ó pa ìtàn ọkùnrin wèrè kan tó tan àtùpà ní òwúrọ̀ tí ilẹ̀ ti mọ́ kedere, tó sáré wọ ọjà, tó ń ké pé òun ń wá Ọlọ́run. Àwọn tó wà lọ́jà ń fi í ṣẹ̀sín. Kò sí onígbàgbọ́ kankan nínú àwọn tó ń rẹ́rìn-ín yẹn; àwọn tí kò gba Ọlọ́run gbọ́ mọ́ ni. Àwọn ni wèrè náà tẹjú mọ́, tó sọ fún pé àwa la pa á, èmi pẹ̀lú yín, a kò sì tíì mọ bí ohun tí a ṣe ti tóbi tó.

Ẹ̀yin bàbá, ẹ ti sin òkú rí. Ẹ mọ ìyàtọ̀ tó wà láàárín ẹni tó ń jó nítorí pé ọba wàjà àti ẹni tí wọ́n rán pé kó lọ túfọ̀. Mi ò sọ pé Nietzsche fẹ́ràn ẹ̀sìn wa. Ó kórìíra rẹ̀, kò sì fi bò. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá fẹ́ fún un lésì gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ gbọ́ ohun tó wí, ó sì dá mi lójú pé ẹni tó kọ ìkéde ara pátákó yẹn kò ka ojú ewé kan níbẹ̀.

2. Ìkẹ́nnẹ́ ni mo ń gbé. Bí ẹ bá fẹ́ mọ ohun tí ọ̀làjú ń ṣe sí ìgbàgbọ́, ẹ má wulẹ̀ lọ sí Paris, ẹ rántí Tai Solarin, olùkọ́ tí kò gba Ọlọ́run gbọ́, pẹ̀lú ṣòkòtò péńpé àti fìlà rẹ̀. Òun ni ọ̀gá ilé-ẹ̀kọ́ Molusi ní Ìjẹ̀bú-Igbó kí àríyànjiyàn lórí àdúrà àti orin òwúrọ̀ tó mú un kúrò níbẹ̀. Ó wá dá Mayflower sílẹ̀ nílùú wa ní oṣù Kìíní 1956, láìsí ẹ̀kọ́ ẹ̀sìn nínú rẹ̀. Mo bọ̀wọ̀ fún un gan-an. Ọ̀pọ̀ ọmọ tó kọ́ ní iṣẹ́ ọwọ́ ló ń bọ́ ilé wọn dòní. Àmọ́ ìpìlẹ̀ tó dúró lé ni èyí tí Immanuel Kant, onífìlọ́sọ́fì ará Jámánì, kọ̀wé lé lórí ní 1784: kí ènìyàn gboyà lo ọgbọ́n-orí ara rẹ̀, kó má dúró de ẹni tí yóò máa fà á lọ́wọ́. Láti orí ìyẹn ni àwọn kan ti dé ibi tí wọ́n ti ń sọ pé ọgbọ́n-orí nìkan tó, àti pé ìgbàgbọ́ jẹ́ ohun tí ọmọdé ń dàgbà kúrò nínú rẹ̀.

Nǹkan bí igba ọdún ni àwọn onígbàgbọ́ fi ń sá fún ìdà yẹn. Ta ló wá mú ìdà náà kú? Àwọn tí ẹ kó sínú páálí ni. Jean-François Lyotard, onífìlọ́sọ́fì ará Faransé, kọ ìjábọ̀ kan fún ìjọba Quebec ní Kánádà lórí ipò tí ìmọ̀ wà, ó jáde ní ìwé ní 1979. Ọ̀rọ̀ rẹ̀, ní kúkúrú, ni pé ohun tí a fi ń mọ ìgbà tuntun yìí ni pé ènìyàn kò gba ìtàn-baba-ìtàn gbọ́ mọ́, ìyẹn ìtàn ńlá tó gbé gbogbo ìtàn yòókù pọ̀n. Ẹ gbọ́ èyí, ẹ rò pé Jẹ́nẹ́sísì ló ń bá wí. Ẹ padà kà á. Ìtàn pé ọgbọ́n-orí àti sáyẹ́ǹsì yóò tú gbogbo ayé sílẹ̀ ló wà ní iwájú nínú ohun tó ń tọ́ka sí.

Ní 1990, John Milbank, onímọ̀ nípa Ọlọ́run tó jẹ́ Anglican bíi ọ̀pọ̀ wa, gba ibẹ̀ wọlé. Ó ní ibi tí ayé ń pè ní àárín, níbi tí kò sí ẹ̀sìn, kì í ṣe ilẹ̀ òfìfo tí a bá níbẹ̀. Wọ́n kọ́ ọ ni, ó sì ní ohun tí òun náà gbà gbọ́. Ẹni tó bá sọ fún ọmọ yín pé, "Fi ẹ̀sìn sílé kó o tó wá bá wa jíròrò," ti gbé ẹ̀sìn tirẹ̀ wá síbi ìjíròrò náà, kò kàn dárúkọ rẹ̀ ni. Irú èsì yìí ni mo ń fún àwọn ọmọ ní Ọjọ́bọ̀. Ẹ ti gbà á lọ́wọ́ wọn báyìí, ìdà Kant sì ṣì wà níta.

3. Ìran Ìjẹ̀bú àti Rẹ́mọ kò yẹ kó retí ará Faransé kó tó mọ̀ pé ìtàn-baba-ìtàn lè gbé ìbọn dání. Ní oṣù Karùn-ún 1892 ni ìjọba Èkó kó ọmọ ogun wá bá Ìjẹ̀bú jà ní Ìmàgbọn, ìbọn Maxim tó ń yìn léraléra sì wà lọ́wọ́ wọn. Kó tó di ìgbà náà, Ìjẹ̀bú kò fẹ́ míṣọ́nnárì nílẹ̀ rẹ̀. Lẹ́yìn rẹ̀, kò pẹ́ rárá tí ènìyàn fi ń wọ́ lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì àti mọ́ṣáláṣí. Ọ̀làjú dé, òkùnkùn lọ: bí wọ́n ṣe pa ìtàn náà fún àwọn bàbá ńlá wa nìyẹn. Ìhìnrere, ìwé, owó orí àti ìbọn, inú àpò kan náà ni wọ́n jọ wà.

Ọdọọdún ni mo máa ń bi kíláàsì mi pé: báwo lẹ ṣe máa ya ìhìnrere kúrò lára ìbọn tó bá a wọlé? Mo ti rí ọmọ tó sunkún. Mo ti rí èyí tó bínú jáde. Ní ọdún kan, ọ̀kan nínú wọn, tó máa ń sùn ní kíláàsì tẹ́lẹ̀ (oorun ọ̀sán Rẹ́mọ, ẹ mọ̀ ọ́n), gbórí sókè, ó ní, "Mà, ìjọba tó ni Maxim kó ẹrù wọn ní 1960. Ìhìnrere ò bá wọn lọ." A dákẹ́ fún ìgbà díẹ̀. Ẹ wá ibi tí ó ti rí ìdáhùn yẹn, bí kò bá ṣe pé ẹnì kan kọ́kọ́ gbà á láyè kó gbọ́ ìbéèrè náà dé òpin.

Ìbéèrè yìí kò sì tíì kásẹ̀ nílẹ̀. Ní oṣù Keje 2025, nígbà tí Awùjalẹ̀, Ọba Sikiru Adetona, wàjà, ìlànà Mùsùlùmí ni wọ́n fi sin wọ́n, àwọn oníṣẹ̀ṣe ní ojúṣe àwọn ni, òfin ìjọba ìpínlẹ̀ náà sì wà níbẹ̀. Mẹ́ta ni ìtàn tó pàdé lẹ́nu ọ̀nà ìsìnkú kan. Àlùfáà tí ẹ bá rán lọ sí Ìjẹ̀bú-Òde, ará ìjọ rẹ̀ yóò bi í pé èwo ló tọ̀nà. Ẹ̀kọ́ bí ìjọ ṣe ń gbèrú kò ní dáhùn ìyẹn.

4. Ibi tó dùn mí jù rèé.

Kí a tó mọ ABD, àrokò ni àwọn bàbá wa ń fi ránṣẹ́, ti Ìjẹ̀bú sì lókìkí. Owó ẹyọ mẹ́fà lórí okùn jẹ́ ẹ̀fà: ọkàn mi fà sí ọ. Mẹ́jọ jẹ́ ẹ̀jọ: ọ̀rọ̀ wa jọra. Méjì tó kọjú síra, ìfẹ́ ni. Tí wọ́n bá kẹ̀yìn síra, ẹ yáa pe àwọn àgbà. Owó ẹyọ kan náà ni o. Iye rẹ̀ àti bí wọ́n ṣe tò ó ló ń sọ̀rọ̀.

Ohun tí Jacques Derrida, onífìlọ́sọ́fì Faransé, ń wí kò jìnnà síyẹn: pé ọ̀rọ̀ kì í dá ìtumọ̀ tirẹ̀ gbé sínú bí ẹ̀pà inú èèpo, àárín ọ̀rọ̀ mìíràn ló ti ń rí i, kì í sì í dé tán. Nínú ìwé kan tó gbé jáde ní 1967, ó bá Claude Lévi-Strauss, onímọ̀ nípa àṣà ẹ̀dá, jiyàn nípa ẹ̀yà Nambikwara ní Brazil, tí ìyẹn ní wọn kò ní ìkọ̀wé. Mo máa ń gbé àrokò lé tábìlì lọ́jọ́ tí a bá ka ibẹ̀, ojú gbogbo wọn a sì là. Orúkọ tí Derrida sọ iṣẹ́ rẹ̀, deconstruction, ìyẹn títú-ká, lẹ gbọ́, tí ẹ fi ní ó ń tú ìgbàgbọ́ ká. Ẹ bi télọ̀. Títú yàtọ̀ sí yíya. Ẹni tó ń tú ojú rírán aṣọ fẹ́ mọ ibi tí wọ́n ti ṣẹ́ ẹ po, ìgbà míì sì rèé, kó lè fẹ̀ ẹ́ fún ẹni tó ti sanra ni.

Ọmọ Òdógbolú kan nínú kíláàsì mi ṣe bẹ́ẹ̀ pẹ̀lú Mátíù orí kẹrin. Ẹ ṣí Bíbélì yín. Ní ẹsẹ kìíní, Èṣù ló dán Jésù wò. Ní ẹsẹ kẹwàá, Jésù pè é ní Sátánì. Ọmọ náà bèèrè pé báwo ni orúkọ òrìṣà tí àwọn ará ilé òun ń bọ ṣe wọ ibẹ̀, nígbà tí ọ̀rọ̀ Sátánì wà nílẹ̀ tí àwọn atúmọ̀ lè lò. Ó tọ ipasẹ̀ iṣẹ́ Ajàyí Crowther àti àwọn tó bá a ṣe é, láti ìwé Róòmù tó jáde ní 1850 títí dé odindi Bíbélì ní 1884. Ó tún ṣàkíyèsí pé àlùfáà, àdúrà, wòlíì, ìwàásù, ẹnu àwọn Mùsùlùmí ni gbogbo wọn ti wá bá wa. Ewé mẹ́rìnlá ló kọ, ọwọ́ rẹ̀ kò sì dára, ojú mi fẹ́rẹ̀ẹ́ fọ́.

Ibi tó kádìí rẹ̀ sí ni pé Ọ̀rọ̀ tó di ara gbọ́dọ̀ gba inú ọ̀rọ̀ ènìyàn kọjá, ọ̀rọ̀ ènìyàn sì ní ọgbẹ́. Kò sí ibì kan tó ti ní kí a lọ bọ Èṣù. Ẹ gba ìwé náà lọ́wọ́ mi lẹ́yìn tí mo ti fún un ní máàkì, ẹ fi òdo rọ́pò rẹ̀, ẹ sì ní kí ó kọ lẹ́tà ìtọrọ àforíjì ní ẹ̀dà mẹ́rin. Ẹ̀dà mẹ́rin! Crowther fúnra rẹ̀ ì bá pè é wọlé, kó fún un ní àga.

Kí n tó kúrò lórí Derrida: nítòsí Algiers ni wọ́n ti bí i ní 1930. Augustine, tí ẹ ń fi ọ̀sẹ̀ mẹ́fà kọ́ wọn, ilẹ̀ tí a ń pè ní Àlùjíríà lónìí ni wọ́n bí òun náà sí, ní 354. Nígbà tí ìyá Derrida wà lórí àìsàn tó gbẹ̀mí rẹ̀, ìwé Ìjẹ́wọ́ Augustine ló gbé síwájú, tó ń kọ tirẹ̀ tẹ̀ lé e. Ó ní àwọn tó ń ka òun sí aláìgbàgbọ́ kò ṣìnà, síbẹ̀ ọ̀rọ̀ àdúrà àti omijé ló kún inú ìwé náà. Ẹ fi Augustine sórí pẹpẹ ìwé, ẹ ju ará ilé rẹ̀ sábẹ́ àtẹ̀gùn.

5. Èyí kò ní pẹ́. Michel Foucault, onífìlọ́sọ́fì Faransé mìíràn, kọ̀wé ní 1961 lórí bí Yúróòpù ṣe ya wèrè kúrò lára ọlọ́gbọ́n, àti ẹni tó ní agbára láti yà wọ́n. Ẹ jẹ́ ká mú un wálé. Josiah Ositelu, ọmọ Ògèrè, ń ṣiṣẹ́ lábẹ́ ìjọ Anglican nígbà tí ìran bẹ̀rẹ̀ sí í dé bá a. Wọ́n yọ ọ́ níṣẹ́ ní 1926. Ní 1930 ó dá Ìjọ Olúwa sílẹ̀ ní Ògèrè, ìjọ yẹn sì ti wà nínú Àjọ Ìjọ Àgbáyé (World Council of Churches) láti 1975. Ní Ìjẹ̀bú-Òde, àwọn tó kóra jọ gbàdúrà nígbà àjàkálẹ̀ àìsàn 1918, inú ìjọ Anglican ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀. Ìyapa dé, wọ́n jáde, wọ́n sì wà lára ohun tó wá di Christ Apostolic Church. Àwọn tó lé wọn nígbà yẹn ní ìwé-ẹ̀rí lọ́wọ́, wọ́n sì ní ìgbìmọ̀. Mi ò ní sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ.

6. Bí ẹ bá ní mo ń gbè sẹ́yìn àwọn aláìgbàgbọ́, Jean-Luc Marion, onífìlọ́sọ́fì Faransé tó wà lára wọn, ọmọ Kátólíìkì ni. Nínú ìwé tó kọ ní 1982, ó ní Ọlọ́run tí àwọn onífìlọ́sọ́fì fi ọ̀rọ̀ "wíwà" dè mọ́lẹ̀ lè di òrìṣà lọ́wọ́ wa, nígbà tí Jòhánù ti sọ pé ìfẹ́ ni Ọlọ́run. Póòpù John Paul Kejì pàápàá, tí ẹnikẹ́ni kò lè pè ní ọ̀rẹ́ wọn, kọ lẹ́tà sí gbogbo bíṣọ́ọ̀bù ní 1998. Ó kìlọ̀ gidigidi nípa àìgba-ohunkóhun-gbọ́ tó wà nínú ìrònú yìí, síbẹ̀ ó ní ó yẹ kí a kọbi ara sí i. Kò ní kí wọ́n kó ìwé sídìí jẹnẹrétọ̀.

7. Mo ní ìjà tèmi pẹ̀lú àwọn onífìlọ́sọ́fì wọ̀nyí, mo sì ń jà á níwájú kíláàsì. Bí a bá sọ pé kò sí ìtàn-baba-ìtàn, ṣé gbólóhùn yẹn kò ti fẹ́ di bàbá fún gbogbo ìtàn? Mo ti bi wọ́n ní èyí títí, èsì wọn kò tẹ́ mi lọ́rùn. Èkejì ni pé àwọn olóṣèlú wa ti kọ́ ọ ju akẹ́kọ̀ọ́ lọ. Ẹni tó jí owó ọ̀nà Ṣàgámù kó yóò ní, "Bí ẹ ṣe rí i nìyẹn, bí èmi náà ṣe rí i rèé." WhatsApp kún fún òtítọ́ olúkúlùkù. Mo sì ti jókòó ti obìnrin tí ọmọ rẹ̀ kú nílé ìwòsàn. Kò bi mí bóyá àjíǹde jẹ́ ìtàn tó wúlò. Ó bi mí bóyá òótọ́ ni. Mo ní òótọ́ ni, Derrida kò sì sí lẹ́nu mi lọ́jọ́ náà.

Gàrí Ìjẹ̀bú kan, gbogbo ayé mọ̀. Kíkan rẹ̀ kò ní kí a dà á nù, kò sì ní kí a fi fún ọmọ tuntun. Kíláàsì ni ibi tí a ti ń mọ bí a ṣe ń pò ó.

Ohun tí mo ń bèèrè fún kò pọ̀. Ẹ dá iṣẹ́ náà padà sínú ìwé ẹ̀kọ́ kí sáà tó ń bọ̀ tó wọlé. Bí ẹ kò bá fẹ́ mi mọ́, ẹ wá ẹlòmíràn, mo ti fẹ̀yìntì, n kò wá owó. Ẹ dá máàkì ọmọ Òdógbolú padà, kí ẹ sì fa lẹ́tà ẹlẹ́dà mẹ́rin yẹn ya lójú rẹ̀. Ẹ jẹ́ kí ìgbìmọ̀ jókòó pẹ̀lú àwọn olùkọ́ àti akẹ́kọ̀ọ́ ní gbangba, kí ẹni tó kọ ìkéde náà wá sọ ojú ewé tó ti rí ohun tó fi ń sùn wá. Bí ó bá rí i, èmi ni n ó kọ́kọ́ tọrọ àforíjì.

Ní ti àwọn ìwé, mo ti gbé páálí kan lọ sílé lọ́jọ́ yẹn, mo sì sọ fún ọlọ́dẹ kí n tó jáde, nítorí náà ẹ má pè é ní olè. Orí tábìlì oúnjẹ mi ni mo tẹ́ wọn sí, mo ń fi búrẹ́dì gbígbẹ fa epo kúrò lára wọn, ewé kan lẹ́yìn òmíràn. Wọ́n á gbẹ tó bá di ìparí oṣù. Bí ẹ bá fẹ́ gbà wọ́n, ẹ rán ọmọ Òdógbolú yẹn wá.

Èmi ni tiyín nínú iṣẹ́ Olúwa,
Olùkọ́ yín àtijọ́,
Ìkẹ́nnẹ́-Rẹ́mọ.